Táyé, Kẹ́hìndé àti Ètò Bọ́ọ̀lù Òwúrọ̀

Ìlú Ikpinlè wà ní agbègbè Adja-Ouèrè, ní orílẹ̀-èdè Bẹ̀nẹ̀. Ní òwúrọ̀ kùtùkùtù, kí oòrùn tó yọ dáadáa, ariwo ti máa ń wà ní ojú títì. Àwọn oní-zémidjan ń dúró de èrò. Àwọn obìnrin ń gbé epo pupa àti gbágùúdá lọ sí ọjà. Àwọn ọmọ ilé ìwé ń fọ eyín wọn lẹ́yìnkùlé.

Ìyá Àgbà máa ń din àkàrà ní ẹ̀gbẹ́ títì. Àwọn ọmọ ọmọ rẹ̀ méjì, Táyé àti Kẹ́hìndé, máa ń ràn án lọ́wọ́ kí wọ́n tó lọ sí ilé ìwé. Táyé jẹ́ ọkùnrin, Kẹ́hìndé jẹ́ obìnrin. Kíláàsì CE1 ni àwọn méjèèjì wà. Táyé ló máa ń fẹ́ iná. Kẹ́hìndé ló máa ń di àkàrà sínú bébà fún àwọn oníbàárà. Òun náà ló máa ń gba owó, nítorí pé ó mọ ìṣirò ju Táyé lọ. Táyé kì í gbà pé bẹ́ẹ̀ ni.

Ní òdìkejì títì, ṣọ́ọ̀bù onígbàjámọ̀ kan wà. Bàbá Onígbàjámọ̀ ni gbogbo ènìyàn ń pè é. Ó ní tẹlifíṣọ̀n ńlá kan tí ó gbé kọ́ ara ògiri. Láti ọjọ́ Ajé títí di ọjọ́ Ẹtì, kò sí òwúrọ̀ kan tí kì í tan tẹlifíṣọ̀n náà. Ètò kan wà tí ó fẹ́ràn. Ètò náà jẹ mọ́ eré ìdárayá.

Ẹni mẹ́rin ló máa ń jókòó yí tábìlì ká nínú ètò náà. Ọ̀kan nínú wọn ni atọ́kùn. Iṣẹ́ atọ́kùn ni láti béèrè ọ̀rọ̀, kí ó sì pín ọ̀rọ̀ fún àwọn yòókù, kí ẹni méjì má baà máa sọ̀rọ̀ lẹ́ẹ̀kan náà. Àwọn mẹ́ta tó kù ni àlejò. Ọ̀kan ti gbá bọ́ọ̀lù rí nígbà èwe rẹ̀. Ọ̀kan jẹ́ oníròyìn. Ẹnì kẹta jẹ́ akọ́nimọ̀ọ́gbá, ẹni tí ó ń kọ́ àwọn agbábọ́ọ̀lù.

Wọn kì í gbá bọ́ọ̀lù níbẹ̀. Ọ̀rọ̀ bọ́ọ̀lù ni wọ́n ń sọ. Síbẹ̀, àwọn tó ń wò wọ́n nínú ṣọ́ọ̀bù a máa pariwo bí ẹni pé bọ́ọ̀lù ń lọ lọ́wọ́. Ẹni tí wọ́n fá ìdajì orí rẹ̀ a dìde lórí àga. Bàbá Onígbàjámọ̀ a ní, “Ẹ jọ̀wọ́, ẹ jókòó, kí n má baà gé yín létí.”

Nígbà tí Ìyá Àgbà wà ní ọmọdé, kò sí tẹlifíṣọ̀n ní Bẹ̀nẹ̀. Rédíò ni àwọn ènìyàn ń gbọ́. Tẹlifíṣọ̀n bẹ̀rẹ̀ ní Ìbàdàn, ní Nàìjíríà, ní ọjọ́ 31 oṣù Kẹwàá ọdún 1959. Ní Bẹ̀nẹ̀, ọjọ́ 31 oṣù Kejìlá ọdún 1978 ni tẹlifíṣọ̀n bẹ̀rẹ̀. Ìyá Àgbà máa ń sọ pé ní ayé ìgbà náà, bí ènìyàn kan bá ní rédíò ní àdúgbò, gbogbo àdúgbò ló ní in. Ẹ ò rí i pé ṣọ́ọ̀bù Bàbá Onígbàjámọ̀ kò fi bẹ́ẹ̀ yàtọ̀.

Ìjà bẹ̀rẹ̀

Ní òwúrọ̀ ọjọ́ Ìṣẹ́gun kan, ariwo ńlá sọ nínú ṣọ́ọ̀bù. Àwọn èèyàn orí tẹlifíṣọ̀n ń fi àwòrán àtijọ́ hàn. Bọ́ọ̀lù tí Bẹ̀nẹ̀ gbá pẹ̀lú Mòrókò ní ọdún 2019 ni.

Ìyá Àgbà kò gbọ́ èdè Faransé. Èdè Faransé sì ni wọ́n fi ń ṣe ètò náà. Ó pe àwọn ọmọ ọmọ rẹ̀.

“Ẹ̀yin ìbejì, kí ni wọ́n ń pariwo sí lọ́hùn-ún?”

Táyé ló kọ́kọ́ dáhùn. “Ìyá Àgbà, wọ́n ní Bẹ̀nẹ̀ na Mòrókò!”

“Rárá o,” ni Kẹ́hìndé wí. “Ìyá Àgbà, ẹ má dá a lóhùn. Ọ̀mì ni wọ́n ta. Ọkùnrin tó wọ awò ojú yẹn ló sọ ọ́. Ó ní match nul.”

“Éliminé ló sọ!”

“Match nul ló sọ!”

“Bẹ̀nẹ̀ ló tẹ̀ síwájú!”

“Báwo ni ẹni tó ta ọ̀mì ṣe máa tẹ̀ síwájú? Wọn kò tẹ̀ síwájú níbì kankan!”

Ìyá Àgbà fi ọwọ́ di etí. “Ọbẹ̀ kan ṣoṣo lẹ jọ tọ́ wò. Ẹnìkan ní kò níyọ̀. Ẹnìkan ní iyọ̀ ti pọ̀ jù. Èwo ni kí n gbà?”

Níbi tí ó ti ń sọ̀rọ̀, àkàrà mẹ́fà jó nínú epo.

Táyé mú 100 fránkì jáde láti inú àpò rẹ̀. Owó tí ó fẹ́ fi ra oúnjẹ ní àkókò ìsinmi ni. Ó ní, “Mo fi owó mi lé e. Bẹ̀nẹ̀ na Mòrókò.” Kẹ́hìndé náà mú 100 fránkì tirẹ̀ jáde. “Èmi náà fi tèmi lé e. Ọ̀mì ni, wọn kò sì tẹ̀ síwájú.” Wọ́n sáré sọdá títì. Wọ́n kó owó náà fún ọmọṣẹ́ Bàbá Onígbàjámọ̀ pé kí ó bá wọn tọ́jú rẹ̀. Ẹni tí ọ̀rọ̀ rẹ̀ bá jẹ́ òótọ́ ni yóò gba 200 fránkì.

Kí wọ́n tó padà, agogo ilé ìwé ti lù.

Ebi

Wọ́n pẹ́ dé ilé ìwé. Wọn kò sì jókòó pọ̀. Táyé lọ sí ẹ̀yìn pátápátá. Kẹ́hìndé jókòó sí iwájú. Olùkọ́ wọn, tí wọ́n ń pè ní Màdáàmù, wo ọ̀tún, ó wo òsì. Kò sọ nǹkan kan.

Nígbà tí àkókò ìsinmi tó, àwọn ọmọ yòókù sáré lọ ra ẹ̀wà, búrẹ́dì àti ọsàn. Táyé dúró lábẹ́ igi. Kẹ́hìndé dúró lábẹ́ igi mìíràn. Ikùn Táyé ń kùn. Ikùn Kẹ́hìndé náà ń kùn. Kò sí ẹni tó fẹ́ kọ́kọ́ sọ̀rọ̀.

Màdáàmù pè wọ́n. “Táyé, Kẹ́hìndé, níbo lowó oúnjẹ yín wà?”

Táyé wo ilẹ̀. Kẹ́hìndé ló sọ ọ́. “Ó wà lọ́wọ́ ọmọṣẹ́ onígbàjámọ̀, Màdáàmù.” Ó sì ròyìn gbogbo rẹ̀.

Màdáàmù kò rẹ́rìn-ín, bó tilẹ̀ jẹ́ pé ẹnu rẹ̀ fẹ́ rẹ́rìn-ín. Ó pín búrẹ́dì rẹ̀ sí méjì fún wọn. Lẹ́yìn ìyẹn ó ní, “Ẹ máa bọ̀ ní kíláàsì. Gbogbo wa ni a máa yanjú ọ̀rọ̀ yìí.”

Ohun tó ṣẹlẹ̀ ní ọdún 2019

Ní ọdún 2019, orílẹ̀-èdè Íjíbítì ni wọ́n ti gbá Ife-ẹ̀yẹ Bọ́ọ̀lù Ilẹ̀ Áfíríkà. Orílẹ̀-èdè 24 ló wá síbẹ̀. Tẹ́lẹ̀, 16 ni wọ́n máa ń jẹ́. Bẹ̀nẹ̀ ti lọ ní ọdún 2004, ní 2008 àti ní 2010, ṣùgbọ́n kò kọjá ìpele àkọ́kọ́ rí.

Nígbà yẹn, Ọ̀kẹ́rẹ́ ni wọ́n ń pe ẹgbẹ́ agbábọ́ọ̀lù Bẹ̀nẹ̀. Ní ọdún 2022 ni wọ́n yí orúkọ náà padà sí Guépards. Guépard jẹ́ ẹranko tó jọ àmọ̀tẹ́kùn. Kò sí ẹranko orí ilẹ̀ tó lè sáré tó o. Ṣùgbọ́n Ìyá Àgbà ṣì fẹ́ràn orúkọ àtijọ́. Ó ní ọ̀kẹ́rẹ́ kéré lóòótọ́, àmọ́ ta ló lè mú un lórí ọ̀pẹ?

Màdáàmù kọ èyí sí ojú pátákó:

Bẹ̀nẹ̀ 2, Gánà 2
Bẹ̀nẹ̀ 0, Guinea-Bissau 0
Bẹ̀nẹ̀ 0, Kamẹrúùnù 0
Bẹ̀nẹ̀ 1, Mòrókò 1
Bẹ̀nẹ̀ 0, Sẹ̀nẹ̀gàl 1

“Ẹ wò ó dáadáa,” ni Màdáàmù wí. “Ẹ̀ẹ̀melòó ni Bẹ̀nẹ̀ gbá bọ́ọ̀lù?”

“Ẹ̀ẹ̀marùn-ún!”

“Ẹ̀ẹ̀melòó ni ọ̀mì?”

Wọ́n kà á. “Ẹ̀ẹ̀mẹrin!”

“Ẹ̀ẹ̀melòó ni gólù Bẹ̀nẹ̀ pọ̀ ju ti ẹnìkejì lọ?”

Kíláàsì dákẹ́. Wọ́n tún kà á. Ọmọ kan ní, “Kò sí rárá, Màdáàmù.”

Kẹ́hìndé yíjú padà sẹ́yìn. Ó wo Táyé, ó sì rẹ́rìn-ín músẹ́.

“Má tíì rẹ́rìn-ín,” ni Màdáàmù wí.

Ó ṣàlàyé bí ọ̀mì ṣe lè mú ènìyàn tẹ̀ síwájú. Ẹni tó bá ta ọ̀mì ní ìpele àkọ́kọ́ yóò gba ojú àmì kan. Bẹ̀nẹ̀ ta ọ̀mì mẹ́ta, nítorí náà ó gba ojú àmì 3. Ó ṣe ipò kẹta ní ìsọ̀rí rẹ̀. Ìsọ̀rí mẹ́fà ló wà. Àwọn tó ṣe ipò kìíní àti ipò kejì tẹ̀ síwájú. Nínú àwọn mẹ́fà tó ṣe ipò kẹta, wọ́n tún mú mẹ́rin tó ṣe dáadáa jù. Bẹ̀nẹ̀ wà lára àwọn mẹ́rin náà.

Ẹni tí Bẹ̀nẹ̀ wá bá pàdé ni Mòrókò. Mòrókò ti gbá mẹ́ta, ó sì borí nínú mẹ́tẹ̀ẹ̀ta. Ojú àmì 9 ló ní. Kò sí ẹni tó gbá gólù kankan wọlé rẹ̀.

“Bí ẹ bá wà lórí tẹlifíṣọ̀n ní òwúrọ̀ ọjọ́ yẹn,” ni Màdáàmù béèrè, “ta ni ẹ máa sọ pé yóò borí?”

Ó fẹ́rẹ̀ẹ́ jẹ́ gbogbo ọmọ ló pariwo “Mòrókò!” Táyé nìkan ló pariwo “Bẹ̀nẹ̀!” Ṣùgbọ́n Táyé ti mọ ìdáhùn tẹ́lẹ̀.

Ọjọ́ Ẹtì ni, ọjọ́ 5 oṣù Keje, ní ìlú Káírò. Abala kìíní parí láìsí gólù. Nígbà tí abala kejì bẹ̀rẹ̀, Moïse Adilehou gbá bọ́ọ̀lù wọlé fún Bẹ̀nẹ̀. Lẹ́yìn nǹkan bí ìṣẹ́jú ogún ó lé díẹ̀, Youssef En-Nesyri gbá tirẹ̀ wọlé fún Mòrókò. Ó di 1 sí 1.

Nígbà tí bọ́ọ̀lù kù díẹ̀ kó parí, wọ́n fún Mòrókò ní pẹ́nárítì. Hakim Ziyech ló gbá a. Gbogbo Bẹ̀nẹ̀ di ojú. Bọ́ọ̀lù náà kọlu òpó ilé, ó sì padà sẹ́yìn!

Wọ́n fi ìṣẹ́jú 30 kún un. Ọ̀kan nínú àwọn agbábọ́ọ̀lù Bẹ̀nẹ̀ gba káàdì pupa, ó sì jáde. Ẹni mẹ́wàá ló kù láti dojú kọ ẹni mọ́kànlá. Síbẹ̀, Mòrókò kò rí gólù mìíràn gbá. Wọ́n wá lọ gbá pẹ́nárítì.

Ní pẹ́nárítì, ẹgbẹ́ kọ̀ọ̀kan ló yẹ kó gbá márùn-ún. Bẹ̀nẹ̀ gbá mẹ́rin, gbogbo rẹ̀ wọlé. Mòrókò gbá mẹ́ta, ọ̀kan péré ló wọlé. Ibẹ̀ ni wọ́n ti dáwọ́ dúró.

Ọmọ kan na ọwọ́ sókè. “Màdáàmù, kí ló dé tí wọn kò gbá márààrún pé?”

Màdáàmù yíjú sí Táyé. “Táyé, jáde wá, kí o ṣe ìṣirò rẹ̀ fún wa.”

Táyé jáde wá tìkọ̀tìkọ̀. Ó kọ 1 sí ojú pátákó. Ó ní, “Mòrókò ní 1. Ó ku méjì tí wọ́n lè gbá.” Ó fi 2 kún 1. “Bí méjèèjì bá wọlé, ó di 3. Bẹ̀nẹ̀ ti ní 4.” Ó dákẹ́ díẹ̀. “Kò sí bí 3 ṣe lè bá 4!”

Kíláàsì pàtẹ́wọ́. Kẹ́hìndé náà pàtẹ́wọ́, ṣùgbọ́n jẹ́ẹ́jẹ́ ni.

Ọjọ́ 10 oṣù Keje ni Bẹ̀nẹ̀ gbá bọ́ọ̀lù pẹ̀lú Sẹ̀nẹ̀gàl. Níbẹ̀ ni ìrìn àjò rẹ̀ parí. Àmọ́ Bẹ̀nẹ̀ ti dé àárín àwọn mẹ́jọ tó kù nínú 24. Kò dé ibẹ̀ rí.

“Ó dára,” ni Màdáàmù wí. “Ta ló jẹ owó náà báyìí?”

Táyé ní òun ni, nítorí pé Bẹ̀nẹ̀ tẹ̀ síwájú. Kẹ́hìndé ní òun ni, nítorí pé 1 sí 1 ni.

Màdáàmù kọ ọ̀rọ̀ Faransé méjì sí ojú pátákó: battre àti éliminer. Battre ni pé kí o na ẹnìkan nínú eré. Éliminer ni pé kí o mú kí ẹnìkan jáde kúrò nínú ìdíje. Nínú ìwé àkọsílẹ̀ bọ́ọ̀lù, bí pẹ́nárítì bá parí ìdíje, ọ̀mì ni wọ́n máa ń kọ bọ́ọ̀lù náà sí. Wọn á wá kọ ẹni tí pẹ́nárítì gbè síwájú. Bẹ̀nẹ̀ mú Mòrókò jáde. Kò nà án láàárín ìṣẹ́jú 120 tí wọ́n fi gbá bọ́ọ̀lù.

“Táyé, éliminé ni o gbọ́, ṣùgbọ́n ‘nà’ ni o sọ fún Ìyá Àgbà. Kẹ́hìndé, match nul ni o gbọ́. Ọ̀mì ni lóòótọ́. Ṣùgbọ́n ta ló sọ fún ọ pé Bẹ̀nẹ̀ kò tẹ̀ síwájú?”

“Kò sí ẹni tó sọ ọ́,” ni Kẹ́hìndé wí. “Èmi ni mo fi kún un.”

“Tóò,” ni Màdáàmù wí. “Ìdajì òtítọ́ lọ́wọ́ ẹnìkan, ìdajì lọ́wọ́ ẹnìkejì. Ọ̀mì ni tiyín náà.”

Tẹlifíṣọ̀n inú páálí

Ní ọjọ́ kejì, Màdáàmù gbé páálí ńlá kan wá. Ó gé iwájú rẹ̀ kúrò, ó sì gbé e sórí tábìlì. Páálí náà di tẹlifíṣọ̀n. Ẹni tó bá jókòó sẹ́yìn rẹ̀ wà lórí tẹlifíṣọ̀n nìyẹn.

Lórí tẹlifíṣọ̀n tòótọ́, àwọn tí a ń rí kéré sí àwọn tí a kò rí. Ẹnìkan wà nídìí kámẹ́rà. Ẹnìkan ń tọ́jú iná. Ẹnìkan ń tọ́jú ohùn. Ẹnìkan ń wo aago, ó sì ń sọ fún atọ́kùn ní etí pé, “Ó ku ìṣẹ́jú méjì.” Nǹkan kékeré kan wà ní etí atọ́kùn tí ó fi ń gbọ́ ọ. Ìdí nìyẹn tí atọ́kùn fi lè máa rẹ́rìn-ín sí àlejò kan, kí ó sì mọ̀ pé àkókò ti ń lọ. Bí ètò òwúrọ̀ bá máa bẹ̀rẹ̀ ní kùtùkùtù, àwọn wọ̀nyí ti gbọ́dọ̀ jí kí àkùkọ tó kọ.

Táyé ni wọ́n fi ṣe atọ́kùn. Kẹ́hìndé ló ń wo aago. Ọmọ mẹ́ta di àlejò. Ọmọ kan gbé agolo mílíìkì sí ojú, ó ní kámẹ́rà ni. Ọ̀rọ̀ tí wọ́n máa sọ ni bọ́ọ̀lù tí CE1 àti CE2 fẹ́ gbá ní ọjọ́ Ẹtì.

Màdáàmù kọ́ wọn ní nǹkan kan kí wọ́n tó bẹ̀rẹ̀. “Bí o bá ń sọ ohun tó ti ṣẹlẹ̀, tí gbogbo ènìyàn lè rí, gbé ọwọ́ ọ̀tún sókè. Bí o bá ń sọ èrò tìrẹ, gbé ọwọ́ òsì lé orí. Bí o bá ń sọ ohun tí kò tíì ṣẹlẹ̀, na ìka síwájú.”

Táyé bẹ̀rẹ̀. “Ẹ káàárọ̀ o, ẹ̀yin èèyàn wa. Lónìí, a máa sọ̀rọ̀ nípa bọ́ọ̀lù ọjọ́ Ẹtì.”

Àlejò àkọ́kọ́ gbé ọwọ́ ọ̀tún sókè. “CE2 gbá wa ní 3 sí 1 ní oṣù tó kọjá.”

Àlejò kejì gbé ọwọ́ òsì lé orí. “Èmi rò pé aṣọ́lé wa ló ń bẹ̀rù bọ́ọ̀lù.”

“N kò bẹ̀rù!” ni aṣọ́lé kígbe láti ẹ̀yìn kíláàsì.

Àlejò kẹta na ìka síwájú. “A máa nà wọ́n ní 5 sí 0!” Gbogbo CE1 pariwo.

Àlejò àkọ́kọ́ tún sọ̀rọ̀. “CE2 nà wá nítorí pé wọ́n ga jù wá lọ.” Ó gbé ọwọ́ ọ̀tún sókè. Kíláàsì dákẹ́. Ṣé ọwọ́ ọ̀tún ni àbí ọwọ́ òsì? CE2 nà wọ́n lóòótọ́. Ṣùgbọ́n ṣé gíga wọn ló fà á? Ọmọ kan ní ọwọ́ ọ̀tún ni. Ọmọ mìíràn ní ọwọ́ òsì ni. Níkẹyìn, ọmọ tó sọ̀rọ̀ gbé ọwọ́ méjèèjì: ọ̀kan wà lókè, ọ̀kan wà lórí. Màdáàmù ní bẹ́ẹ̀ gan-an ni ó yẹ kó rí, nítorí pé irú ọ̀rọ̀ yẹn ló máa ń pọ̀ jù lórí tẹlifíṣọ̀n.

Ọ̀rọ̀ dùn mọ́ Táyé lẹ́nu. Ó gbàgbé láti béèrè ọ̀rọ̀ lọ́wọ́ àwọn àlejò. Òun nìkan ló ń sọ ọ́. Kẹ́hìndé yọ́ lọ sí ẹ̀yìn páálí, ó sọ sí i ní etí pé, “Atọ́kùn, ó ku ìṣẹ́jú kan. Jẹ́ kí wọ́n sọ̀rọ̀.” Táyé dákẹ́. Láti òwúrọ̀ ọjọ́ Ìṣẹ́gun, ìgbà àkọ́kọ́ nìyẹn tí Kẹ́hìndé bá a sọ̀rọ̀.

200 fránkì

Nígbà tí ilé ìwé parí, àwọn méjèèjì lọ sí ṣọ́ọ̀bù. Ọmọṣẹ́ kó owó jáde. “Ta ló jẹ?”

“Ọ̀mì ni,” ni wọ́n dáhùn lẹ́ẹ̀kan náà.

Bàbá Onígbàjámọ̀ bú sẹ́rìn-ín. “Ó dára bẹ́ẹ̀. Ẹ gba owó yín. Ẹ jẹ́ kí n sọ tèmi fún yín. Ní òwúrọ̀ ọjọ́ tí Bẹ̀nẹ̀ fẹ́ bá Mòrókò gbá bọ́ọ̀lù, mo dúró níbi tí mo dúró sí yìí. Mo ní Bẹ̀nẹ̀ ò lè yè é. Mo ní bí Bẹ̀nẹ̀ bá tẹ̀ síwájú, n ó fá orí ẹnikẹ́ni tó bá wá ní ọ̀fẹ́. Ní ọjọ́ kejì, kí n tó ṣí ilẹ̀kùn, wọ́n ti tò láti ibí dé ìdí àkàrà Ìyá Àgbà.”

“Ṣé ẹ fá a fún wọn?” ni Táyé béèrè.

“Mo fá a! Ọwọ́ mi wú. Títí di òní, àwọn kan ṣì ń wá, wọ́n ní tàwọn kù.”

Ní òwúrọ̀ ọjọ́ kejì, ariwo tún sọ nínú ṣọ́ọ̀bù. Ìyá Àgbà béèrè pé, “Ẹ̀yin ìbejì, kí ni wọ́n ń wí lónìí?”

Táyé kò sáré dáhùn. Ó gbọ́ ọ̀rọ̀ náà tán. Ó wo Kẹ́hìndé. Kẹ́hìndé mi orí pé bẹ́ẹ̀ ni. “Ìyá Àgbà, ọkùnrin tó wọ awò ojú ní Bẹ̀nẹ̀ máa borí nínú bọ́ọ̀lù tó ń bọ̀.” Ó na ìka síwájú. “Ó ní ohun tí òun rò nìyẹn.” Ó gbé ọwọ́ òsì lé orí.

Ìyá Àgbà wo ọwọ́, ó wo orí. Òun náà gbé ọwọ́ òsì lé orí gèlè rẹ̀. “Èrò tèmi ni pé iná yìí ń kú lọ.”

Táyé sáré lọ fẹ́ iná.

Ọ̀rọ̀ tuntun

atọ́kùn: ẹni tó ń darí ètò, tó ń béèrè ọ̀rọ̀ lọ́wọ́ àwọn àlejò
akọ́nimọ̀ọ́gbá: ẹni tó ń kọ́ àwọn agbábọ́ọ̀lù
aṣọ́lé: agbábọ́ọ̀lù tó ń ṣọ́ ilé kí bọ́ọ̀lù má baà wọ ibẹ̀
ọ̀mì: bí gólù ẹgbẹ́ méjèèjì bá dọ́gba
èrò: ohun tí ènìyàn rò nínú ọkàn rẹ̀

Ìbéèrè

1. Kí ni Ìyá Àgbà ń tà? Ta ló ń fẹ́ iná fún un?
2. Kí ló dé tí Táyé àti Kẹ́hìndé kò fi ní owó oúnjẹ ní àkókò ìsinmi?
3. Kí ni Táyé gbọ́? Kí ni ó sọ fún Ìyá Àgbà? Ṣé ọ̀kan náà ni?
4. Ọ̀rọ̀ wo ni Kẹ́hìndé fi kún ohun tó gbọ́?
5. Ní pẹ́nárítì, ká ní Mòrókò ti gbá méjì wọlé nínú mẹ́ta, ṣé wọ́n ìbá dáwọ́ dúró síbẹ̀? Ṣe ìṣirò rẹ̀.
6. Kí ló dé tí ọ̀pọ̀ ènìyàn fi lè rò pé Mòrókò ni yóò borí?

Iṣẹ́ ṣíṣe

Ka gbólóhùn wọ̀nyí sókè. Gbé ọwọ́ tó yẹ fún ọ̀kọ̀ọ̀kan.

Bẹ̀nẹ̀ àti Gánà ta ọ̀mì 2 sí 2 ní ọdún 2019.
Orúkọ Ọ̀kẹ́rẹ́ dára ju Guépards lọ.
CE1 yóò borí ní ọjọ́ Ẹtì.
Àkàrà jó nítorí pé àwọn ìbejì ń jà.

Ẹ wá páálí kan, kí ẹ ṣe tẹlifíṣọ̀n tiyín. Ẹ yan atọ́kùn, àlejò mẹ́ta, ẹni tó ń wo aago àti ẹni tó gbé kámẹ́rà. Ẹ sọ̀rọ̀ nípa eré kan tí ẹ ṣe ní ilé ìwé yín.